Ọkọ̀ oníná fún ìrìn afẹ́ ní àdúgbò àtijọ́: bátìrì wo, kí ló máa kọ́kọ́ bàjẹ́, báwo ni ohùn amọ̀nà ṣe máa dé etí àlejò?

Aláìdúró:

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀gá mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi yẹ ètò yìí wò kí owó tó jáde lọ́wọ́ wa. Ọkọ̀ oníná mẹ́ta la fẹ́ rà, irú ti pápá gọ́ọ̀fù tí wọ́n fà gùn, oníjókòó 6: awakọ̀ kan, àlejò 5. Àwọn méjì tó máa jókòó lẹ́yìn pátápátá á kọ ẹ̀yìn síwájú. Iṣẹ́ wọn ni láti máa gbé àlejò yí àdúgbò àtijọ́ ká, kí awakọ̀ náà sì máa ṣe amọ̀nà.

Ìrìn kan jẹ́ kìlómítà 7, wákàtí kan. A fẹ́ ṣe 6 lójúmọ́ fún ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan. Òkúta ni wọ́n fi tẹ́ ọ̀pọ̀ jù nínú ọ̀nà náà. Bí a bá ro gbogbo ìgòkè pọ̀, ọkọ̀ máa gun nǹkan bíi mítà 70 nínú ìrìn kan, ibi tó sì ga jù lọ jẹ́ 10%.

Ẹni tó ń ta ọkọ̀ fún wa ní àṣàyàn méjì: bátìrì olómi 8 (fólítì 6 lọ́kọ̀ọ̀kan, 225 Ah, ìyẹn áńpíà-wákàtí), tàbí lithium kan ṣoṣo, fólítì 48, 150 Ah. Ó ní èyíkéyìí nínú méjèèjì á rin kìlómítà 80. Ṣé òótọ́ ni? Kí ni òkúta yẹn máa kọ́kọ́ bà jẹ́? Ohùn amọ̀nà ńkọ́, ṣé spíkà ni ká lò àbí íapíìsì? Kí ló sì yẹ ká béèrè lọ́wọ́ ìjọba ìlú kí a tó fọwọ́ sí ìwé?

Bàbá Bátìrì:

Ẹ kú ìpalẹ̀mọ́. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gbé kìlómítà 80 yẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Orí ọ̀dà tó tẹ́jú, awakọ̀ nìkan nínú ọkọ̀, bátìrì tuntun, ojú ọjọ́ tó móoru, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń rí irú iye bẹ́ẹ̀. Kò bá iṣẹ́ yín tan.

Bí a ṣe ń ṣírò rẹ̀ rèé. Ọkọ̀ yín, bátìrì rẹ̀ àti èèyàn 6 á sún mọ́ kìlógíráàmù 1,000. Lórí òkúta, ẹ fi 2.5% ìwúwo ọkọ̀ ṣe agbára tí ilẹ̀ fi ń fa táyà sẹ́yìn. Ìyẹn jẹ́ wáàtì-wákàtí 68 ní kìlómítà kan, nǹkan bíi 480 fún 7. Gígun mítà 70 gba 190. Dídúró àti gbígbéra náà ní tirẹ̀: bí ọkọ̀ bá dúró lẹ́ẹ̀mẹ́rìnlélógún sí ogójì, tó sì tún ń padà dé kìlómítà 15 ní wákàtí kan, ẹ ka 100 sí i. Ó di 770. Iná tó ń jáde nínú bátìrì kọ́ ló ń dé táyà tán. Kọ̀ntírólà (ẹ̀rọ tó ń darí iná lọ sí ẹ́ńjìnnì), ẹ́ńjìnnì àti gíà á jẹ nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin. Ẹ fi 0.75 pín 770, ẹ fi ti spíkà àti iná ọkọ̀ kún un, ó wá tó kìlówáàtì-wákàtí 1.1 fún ìrìn kan. Ìrìn 6 jẹ́ 6.6.

Bátìrì olómi ní tirẹ̀: 48 × 225 jẹ́ kìlówáàtì-wákàtí 10.8 lórí ìwé. Ṣùgbọ́n tí a bá fi wákàtí 20 fà á ni 225 yẹn ń jáde. Bí a bá fà á láàárín wákàtí 5, bí 185 ni ẹ máa rí, èyí tó jẹ́ 8.9. Ẹ kò sì gbọ́dọ̀ máa fà á kọjá ìdajì lójoojúmọ́ bí ẹ bá fẹ́ kó pẹ́ lọ́wọ́ yín. Ìdajì rẹ̀ jẹ́ 4.4: ìrìn 4 géérégé, nígbà tó ṣì jẹ́ tuntun. Bí òtútù bá mú un dé òdo dígíríì, ẹ tún yọ ìdá kan nínú márùn-ún kúrò.

Lithium 150 ńkọ́? Fólítì 51.2 ni èyí tí wọ́n ń pè ní 48 gan-an; 51.2 × 150 jẹ́ 7.7. A máa ń lò tó 80% sí 90% rẹ̀, ìyẹn 6.1 sí 6.9. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó. Èyí tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó yìí gan-an ló ń fi àlejò sílẹ̀ sórí òkè ní ìrìn ìkẹyìn. Ẹ béèrè 200 Ah. Bí owó kò bá gbé e, ẹ mú 150, kí ẹ sì pèsè ìsinmi wákàtí kan lọ́sàn-án pẹ̀lú ṣájà áńpíà 25: ìyẹn á dá 1.3 padà, ìrìn kan lé díẹ̀. Bátìrì olómi kò fẹ́ irú jíjẹ díẹ̀díẹ̀ bẹ́ẹ̀. Àwọn wákàtí ìparí tó fi ń kún dẹ́nu ló ń fọ ìdọ̀tí sulphate kúrò lára àwo òjé inú rẹ̀. Bí kò bá dé ibẹ̀ lójoojúmọ́, ìdọ̀tí náà á le koko.

Ohun kan wà tí ọ̀pọ̀ olùrà kì í béèrè: áńpíà mélòó ni BMS (ẹ̀rọ tó ń ṣọ́ bátìrì) inú lithium náà lè gbé? Lórí ìgòkè 10%, pẹ̀lú èrò kíkún, ní kìlómítà 10 ní wákàtí kan, ọkọ̀ yín á máa fa nǹkan bí áńpíà 90. Bó bá dúró láàárín òkè tó sì fẹ́ gbéra, á fa ìlọ́po méjì sí mẹ́ta rẹ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀. BMS tó mọ sí 100 á pa gbogbo iná lójijì níbẹ̀: dáṣíbọọ̀dù á ṣókùnkùn, bí ìgbà tí ẹnì kan yọ kọ́kọ́rọ́. Àwọn èèyàn á máa pààrọ̀ kọ̀ntírólà tí kò ṣe nǹkan kan. Ẹ béèrè èyí tó lè gbé ó kéré tán 150 láìdáwọ́ dúró, àti 300 fún ìṣẹ́jú àáyá 10. Ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé ọjà.

Ṣájà bátìrì olómi kì í ṣe ti lithium o. Lithium fólítì 48 irú LiFePO4 ní sẹ́ẹ̀lì 16, òpin rẹ̀ jẹ́ fólítì 58.4. Ṣájà tó tún ń gbé fólítì sókè lẹ́yìn náà láti fọ àwo bátìrì á ṣe é léṣe. Ẹ má sì gba lithium láyè láti gba iná nígbà tí òun fúnra rẹ̀ bá tutù ju òdo dígíríì lọ, àfi bó bá ní ẹ̀rọ amúgbóná nínú.

Aláìdúró:

Bàbá, ẹ ṣeun púpọ̀. Ìṣírò yẹn là wá lójú. 200 Ah la máa béèrè. Ìbéèrè kékeré kan: orí òkè ni gáréèjì wà, ìsọ̀kalẹ̀ ni ìrìn àkọ́kọ́ fi máa bẹ̀rẹ̀ láràárọ̀. Ṣé kò burú ká máa ṣájì rẹ̀ kún dẹ́nu lóru?

Bàbá Bátìrì:

Ìbéèrè kékeré kọ́ rárá. Ọkọ̀ tí ẹ́ńjìnnì rẹ̀ jẹ́ AC (irú tó ń lo iná alternating current) máa ń dá iná padà sínú bátìrì nígbà tó bá ń sọ̀kalẹ̀, ìdápadà yẹn ló sì ń dì í mú. Bátìrì tó ti kún kò ní àyè. Kété tí sẹ́ẹ̀lì kan bá kọjá fólítì 3.65, BMS á kọ iná náà. Ohun tí awakọ̀ á rí ni pé ọkọ̀ tó ń rọra lọ tẹ́lẹ̀ bọ́ síwájú, ó sì ku bíréèkì ẹsẹ̀ nìkan. Àwọn BMS mìíràn á pa iná ọkọ̀ pátápátá.

Ẹ dá ṣájì dúró sí 90% lálẹ́. Lẹ́ẹ̀kan lọ́sẹ̀, ẹ jẹ́ kó kún dẹ́nu kí BMS lè mú àwọn sẹ́ẹ̀lì dọ́gba, ṣùgbọ́n ní òwúrọ̀ ọjọ́ náà, ẹ jẹ́ kí ìrìn àkọ́kọ́ gba ibi títẹ́jú yípo ná kó tó kọjú sí ìsọ̀kalẹ̀. Ẹ má sì ṣájì lábẹ́ ilé onígi àtijọ́ tàbí ní ẹnu ọ̀nà tí èèyàn máa sá gbà jáde. Ṣájà mẹ́ta tó ń fa kìlówáàtì 1.5 lọ́kọ̀ọ̀kan á fa áńpíà 20 pọ̀ ní fólítì 230 láti alẹ́ títí di òru. Wáyà ògbólógbòó inú irú àwọn ilé bẹ́ẹ̀ kì í fara da ìyẹn, ẹ ní kí oníná fa okùn tuntun fún wọn.

Ohùn Amọ̀nà:

Ẹ̀yin ará, ẹ jẹ́ kí n bọ́ sí apá tèmi, torí mo rí i pé bátìrì ti gba gbogbo pápá. Àlejò kò sanwó nítorí bátìrì. Ó sanwó láti rí, kó sì gbọ́.

Ẹ kọ́kọ́ wo òrùlé ọkọ̀. Ẹni tó jókòó sábẹ́ rẹ̀ kì í lè gbójú sókè ju nǹkan bíi dígíríì 30 lọ kí etí òrùlé tó dí i lójú. Pẹ̀lú ìyẹn, ilé gogoro tó ga ní mítà 60, ó di ọ̀ọ́kán mítà 100 kí àlejò tó lè rí ṣóńṣó rẹ̀. Ilé alájà tó ga ní mítà 20 gba bíi 32. Nítorí náà, ibi tí ọkọ̀ ti máa dúró kì í ṣe iwájú ẹnu ọ̀nà ilé náà. Ìgbẹ̀yìn ojúde ni, tàbí ẹnu kọ́nà tó ti hàn wá láti òkèèrè. Nínú ọ̀nà tóóró tí kò fẹ̀ ju mítà 6 lọ, ẹ má ṣàpèjúwe òrùlé ilé fún ẹnikẹ́ni. Ilẹ̀kùn, irin ojú fèrèsé, ọdún tí wọ́n gbẹ́ sára òkúta àtẹ́rígbà, ihò tí etí kẹ̀kẹ́ ẹrù ayé àtijọ́ ti họ sára igun ògiri: ohun tó wà ní ìṣójú àlejò ni kí ẹ sọ.

Ìjókòó ẹ̀yìn yẹn ni ẹnu ti máa ń kùn jù. Àwọn tó kọ ẹ̀yìn síwájú kì í rí nǹkan àfi ìgbà tí ọkọ̀ bá kọjá rẹ̀. Bí amọ̀nà bá ní «ẹ wo apá ọ̀tún yín», apá òsì tiwọn ló ń wí. Ẹ fi ohun tí ojú rí júwe rẹ̀: «ilé aláwọ̀ òféfèé tó ní àjà mẹ́ta». Ẹ sì sọ ọ́ lẹ́yìn tí imú ọkọ̀ bá ti kọjá ilé náà díẹ̀, kí iwájú ṣì rí i lẹ́gbẹ̀ẹ́, kí ẹ̀yìn náà ti máa rí i.

Ọ̀rọ̀ àti ìrìn gbọ́dọ̀ bára mu. Ní kìlómítà 12 ní wákàtí kan, ọkọ̀ ń rin mítà 100 ní ìṣẹ́jú àáyá 30. Láàárín ìṣẹ́jú àáyá 30, ẹni tó ń sọ̀rọ̀ tí ara balẹ̀ á sọ tó ọ̀rọ̀ 65. Gbólóhùn mẹ́rin nìyẹn. Bí ìtàn bá gùn jù bẹ́ẹ̀ lọ, ẹ wá ibi tí a ti máa dúró sọ ọ́. Ẹni tó ń kọ ọ̀rọ̀ àfọ̀ náà níláti fi ẹsẹ̀ rin ọ̀nà náà pẹ̀lú àwòrán ilẹ̀ lọ́wọ́, kó wọn gígùn òpópónà kọ̀ọ̀kan kó tó kọ lẹ́tà kan.

Ní ti spíkà àbí íapíìsì, ẹ mú íapíìsì. Àwọn tó ń gbé àdúgbò àtijọ́ á gbọ́ ìtàn kan náà nígbà 18 lóòjọ́ láti ẹnu ọkọ̀ mẹ́ta, ẹjọ́ wọn á sì dé ọ́fíìsì ìjọba ìlú kí oṣù tó parí. Ẹ lo ti etí kan, kí àlejò lè gbọ́ ẹni tó ń pè é àti ọkọ̀ tó ń bọ̀. Ẹ máa pààrọ̀ ìbòrí rẹ̀ fún àlejò kọ̀ọ̀kan.

Èmi ní tèmi, mo fara mọ́ ohùn tí a ti gbà sílẹ̀ nígbà tí ọkọ̀ bá ń rìn, kí amọ̀nà wá fi ẹnu ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ nígbà tó bá dúró. Ní Kraków, níbi tí irú ọkọ̀ yìí ti pọ̀ gan-an ní àdúgbò àtijọ́, ohùn tí a gbà sílẹ̀ ní èdè oríṣiríṣi ló wọ́pọ̀ lórí wọn. Awakọ̀ tó ń wá ọdún tí wọ́n kọ́ ilé lórí kò ní rí ọmọ tó sáré wọ ojú ọ̀nà.

Ẹlẹ́sẹ̀ Òkúta:

Ẹ̀gbọ́n Ohùn Amọ̀nà, ọ̀rọ̀ yín jinlẹ̀, ṣùgbọ́n n kò gbà pẹ̀lú yín tán lórí ohùn tí a gbà sílẹ̀. Bí ó bá jẹ́ GPS ló máa máa tan ohùn náà, ẹ mọ̀ pé láàárín ògiri gíga, ìfihàn láti òfuurufú máa ń ta ògiri sí ògiri. Ó lè ṣìnà ní mítà 10 sí 30, ìyẹn sì tó láti gbé ọkọ̀ sí òpópónà kejì. Àlejò á wà níwájú ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n á máa gbọ́ ìtàn ọjà.

Ohùn Amọ̀nà:

Àbúrò, òótọ́ lẹ sọ, àmọ́ ó ní bí a ti ń ṣe é. Ẹ má fi àmì sí inú ọ̀nà tóóró. Ẹ fi sí ojúde tàbí oríta tó ṣí sílẹ̀ kó tó kan ọ̀nà náà, kí ohùn tibẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ẹ fún àmì kọ̀ọ̀kan ní òbìrí mítà 25. Ẹ tò wọ́n ní tẹ̀léǹtẹ̀lé: àmì 7 kò gbọ́dọ̀ dún bí 6 kò bá tíì dún. Kí bọ́tìnnì kan sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìdarí ọkọ̀ tí awakọ̀ lè tẹ̀ láti dá a dúró, sún un síwájú, tàbí tún un sọ. Ọjọ́ tí wọ́n bá dí ọ̀nà fún àtúnṣe, bọ́tìnnì yẹn nìkan ló máa là yín.

Ẹlẹ́sẹ̀ Òkúta:

Bọ́tìnnì ni mo fara mọ́. Ẹ jẹ́ ká lọ sí abẹ́ ọkọ̀.

Lórí òkúta, gbígbọ̀n ni ọ̀tá. Ohun àkọ́kọ́ tó máa tú ni nọ́ọ̀tì orí bátìrì. Bó bá tú díẹ̀, iná á máa ta níbẹ̀, ibẹ̀ á gbóná, òjé á yọ́. Lẹ́ẹ̀kan lọ́sẹ̀, nígbà tí ọkọ̀ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ gun òkè dé, ẹ fi ẹ̀rọ tó ń ka ooru láti òkèèrè wo orí bátìrì kọ̀ọ̀kan àti àwọn orí wáyà tó wọ kọ̀ntírólà. Gbogbo wọn gbọ́dọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Èyí tó bá gbóná ju àwọn yòókù lọ ní dígíríì 10, ó ti tú tàbí ó ti dípẹtà. Ẹ pa iná, ẹ tú u, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì onírin fọ̀ ọ́, ẹ dè é padà pẹ̀lú sípánà tó ń ka agbára. Orí òjé bátìrì olómi tó ní ìṣó 5/16 kò fẹ́ ju 11 sí 12 Nm lọ. Ẹni tó bá fi gbogbo ipá dè é á fà á tu. Ti lithium, iye tó wà lára rẹ̀ ni kí ẹ tẹ̀ lé.

Lẹ́yìn nọ́ọ̀tì, táírọ́ọ̀dù àti bọ́ọ̀ṣì iwájú ló kàn. Ẹ gbé iwájú ọkọ̀ sókè lórí jáàkì, ẹ di táyà mú ní ọ̀tún àti òsì, ẹ mì ín. Bó bá ń ṣe kọ̀ǹkọ̀-kọ̀ǹkọ̀, ó ti jẹ. Ẹ wo táyà fúnra rẹ̀: bí etí inú bá ń jẹ ju etí òde, àtòpọ̀ rẹ̀ ti yà. Atẹ́gùn táyà ọkọ̀ gọ́ọ̀fù lásán máa ń wà ní 18 sí 22 psi, ṣùgbọ́n ọkọ̀ èèyàn 6 kì í ṣe lásán. Ẹ ka iye tó wà lára táyà àti ìwé ọkọ̀. Táyà tó rọ̀ jù á jẹ́ kí òkúta gé ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, á sì tún jẹ bátìrì.

Ọkọ̀ tí wọ́n fà gùn tún ní àbùkù kan: àárín rẹ̀ máa ń kan ilẹ̀ lórí afárá tó yọ gànmùganmu àti lórí ìdọ́sẹ̀ gọ́tà, pàápàá bí èrò bá kún. Ẹ gbé èèyàn 6 sínú rẹ̀ kí ẹ tó fọwọ́ sí ọ̀nà, kí ẹnì kan dọ̀bálẹ̀ wò ó. Kọ́nà tóóró náà, ẹ dán an wò pẹ̀lú dígí ẹ̀gbẹ́ tó ṣí sílẹ̀, kì í ṣe pípa.

Ní ti iná spíkà àti fóònù: fólítì 12 ni wọ́n ń fẹ́. Àwọn oníṣẹ́ kan á já a láti orí bátìrì méjì nínú 8. Ẹ má gbà fún wọn. Àwọn méjì yẹn á máa ṣófo ju àwọn mẹ́fà tó kù lọ; ṣájà kò mọ̀, ó rò pé gbogbo wọn dọ́gba; àwọn mẹ́fà á máa sè, àwọn méjì á máa pa ebi, títí méjèèjì á fi kú tí wọ́n á sì fa àwọn yòókù dání. Converter tó ń sọ 48 di 12 ni kí ẹ rà, áńpíà 20 sí 30, irú èyí tí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì rẹ̀ kò so pọ̀ nínú. Èyí tó so pọ̀ ló máa ń mú kí spíkà hu bí kòkòrò nígbà tí ẹ bá tẹ pẹ́dà, tí híhu náà sì ń ga bí ọkọ̀ ṣe ń sáré.

Èyí tó ń bà mí lẹ́rù jù ni bíréèkì ìdádúró. Lórí ọ̀pọ̀ ọkọ̀ gọ́ọ̀fù, bí ẹ bá tẹ̀ ẹ́ tó há, títẹ pẹ́dà ìsáré ló ń tú u sílẹ̀. Ẹ wá wò ó: amọ̀nà dúró lórí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́, ó sọ̀ kalẹ̀ láti na ọwọ́ sí ara ògiri, kọ́kọ́rọ́ ṣì wà nínú ọkọ̀. Ọmọ kan sún sí ìjókòó awakọ̀ láti ya fọ́tò, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan pẹ́dà. Bíréèkì tú, ọkọ̀ gbéra pẹ̀lú èèyàn mẹ́rin lẹ́yìn. Òfin méjì ni: kọ́kọ́rọ́ wà lára okùn tó so mọ́ bẹ́líìtì awakọ̀, kò gbọ́dọ̀ sọ̀ kalẹ̀ láìyọ ọ́, igi tí a fi ń há táyà sì wà lábẹ́ ìjókòó, ó ń jáde ní gbogbo ibi tó bá dà gẹ̀rẹ́.

Bí ọkọ̀ bá kú lọ́nà, kí ẹ tó fà á, ẹ yí bọ́tìnnì abẹ́ ìjókòó láti RUN sí TOW. Bó bá wà ní RUN, ẹ́ńjìnnì á máa dì í mú, kọ̀ntírólà sì lè jóná. Ẹ má fà á kọjá kìlómítà 20 ní wákàtí kan.

Ìwé Àṣẹ:

Mo ka gbogbo rẹ̀, ẹ kú làákàyè. Apá ìjọba ìlú ló kù. Ìbéèrè àkọ́kọ́ kì í ṣe «ṣé a lè wọ àdúgbò náà», bí kò ṣe «irú ọkọ̀ wo ni òfin pe èyí?» Ìdáhùn yẹn ló máa pinnu nọ́ńbà ọkọ̀, ìwé awakọ̀ àti ìbánigbófò. Ní Amẹ́ríkà, bí àpẹẹrẹ, ọkọ̀ tí wọ́n ń pè ní LSV (ọkọ̀ tí kì í sáré púpọ̀) gbọ́dọ̀ lè sáré ju máìlì 20 lọ ní wákàtí kan láìkọjá 25, ìwúwo rẹ̀ pẹ̀lú ẹrù gbọ́dọ̀ dín sí páùn 3,000 (kìlógíráàmù 1,361), ó sì gbọ́dọ̀ ní iná, dígí, gíláàsì iwájú, bẹ́líìtì fún ìjókòó kọ̀ọ̀kan àti VIN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ọkọ̀. Ọkọ̀ gọ́ọ̀fù tí wọ́n kàn fi ìjókòó kún kò ní èyí tó pọ̀ nínú wọn. Ní Yúróòpù, àwọn ọkọ̀ ẹ̀ka L7e (ọkọ̀ kékeré onítáyà mẹ́rin) kì í gba èèyàn 6. Ẹ béèrè ìwé ẹ̀rí irú ọkọ̀ náà lọ́wọ́ ẹni tó ń tà á kí ẹ tó sanwó, ẹ má gba àwòrán rẹ̀ lórí fóònù.

Wíwọlé: ní Ítálì, àárín ọ̀pọ̀ ìlú àtijọ́ jẹ́ ZTL (agbègbè tí kì í ṣe gbogbo ọkọ̀ ló lè wọ̀), kámẹ́rà ló ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà rẹ̀. Pé ọkọ̀ jẹ́ oníná kò túmọ̀ sí pé kámẹ́rà mọ̀ ọ́n. Àfi kí wọ́n kọ nọ́ńbà rẹ̀ sínú ìwé wọn ṣáájú. Ní ibikíbi, ẹ béèrè wákàtí tí wọ́n ń ti ọ̀nà, ibi tí ọkọ̀ lè dúró fún ìṣẹ́jú 5, òpó tó ń wọlẹ̀ tó ń jáde àti ẹni tó ń darí rẹ̀, òpin ìwúwo lórí afárá àti lórí ọ̀nà tí yàrá abẹ́ ilẹ̀ wà nísàlẹ̀ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ìdákẹ́jẹ́ẹ́ tún wà. Láti oṣù Keje ọdún 2021, gbogbo ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ oníná tuntun ní Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù gbọ́dọ̀ máa dún fúnra rẹ̀ títí dé kìlómítà 20 ní wákàtí kan, àti nígbà tó bá ń rìn sẹ́yìn. Àwọn ẹ̀ka L kò sí nínú òfin yẹn, ṣùgbọ́n ìyára tí àwọn ọkọ̀ yín máa fi ṣiṣẹ́ nìyẹn gan-an. Ẹ fi ohùn kékeré tó ń dún láìdáwọ́ dúró sí i, kì í ṣe họ́ọ̀nù. Ẹni tó ń fi ẹsẹ̀ rìn tí wọ́n fọn họ́ọ̀nù sí lẹ́yìn á ta gìrì, kò sì sẹ́ni tó mọ apá ibi tó máa fò sí.

Aláìdúró:

Ọlọ́run á san án fún gbogbo yín. Ó ku òjò. Kọ́tìnnì rọ́bà ni ẹni tó ń ta ọkọ̀ fi sí i. Ṣé ó tó?

Ẹlẹ́sẹ̀ Òkúta:

Fún èrò, ó tó, bó bá jẹ́ aláwọ̀ dígí tí ẹ sì fi àyè ìka mẹ́rin sílẹ̀ lókè kí èémí lè jáde. Bí kò bá sí àyè, á ṣú, kò sẹ́ni tó máa rí ilé kankan. Fún ilẹ̀, kò tó. Òkúta tí ẹsẹ̀ ti fi dán, bí òkúta ẹfun tí wọ́n fi tẹ́ ọ̀nà ẹlẹ́sẹ̀ ní Lisbon, máa ń yọ̀ gan-an lójú òjò. Nínú ọ̀pọ̀ ọkọ̀ yìí, táyà ẹ̀yìn nìkan ni bíréèkì ń dì mú. Nígbà ìsọ̀kalẹ̀, ìwúwo á ṣí síwájú, ẹ̀yìn á fúyẹ́, táyà á dúró ṣùgbọ́n ọkọ̀ á ṣì máa lọ. Ẹ béèrè èyí tó ní bíréèkì iwájú. Bí kò bá sí, ẹ dín ìyára ìsọ̀kalẹ̀ kù sí kìlómítà 8 ní wákàtí kan nínú kọ̀ntírólà, ẹ sì ní ọ̀nà kejì tó yẹra fún ibi 10% yẹn fún ọjọ́ òjò.

Ẹ má fi omi alágbára fọ abẹ́ ìjókòó bí ọkọ̀ bá dé pẹ̀lú ẹrẹ̀. Aṣọ tútù ni. Bí ẹ bá padà mú bátìrì olómi, omi distilled ni kí ẹ máa bù sí i, lẹ́yìn tó bá ti kún iná, títí yóò fi ku mílímítà 6 kó kan ìsàlẹ̀ ọrùn rẹ̀. Ṣáájú ṣájì, ẹ kàn bu ìwọ̀n tó máa bo àwo òjé, bí àwo bá ti yọjú.